Ọkọ Tí Kò Já Mi Nírọ́

Ẹ jẹ́ kí n parọ́ mọ́ yín níwájú adájọ́, ẹ ò sì já mi nírọ́. Ohun tí ẹ ṣe fún mi nìyẹn, bàbá ọmọ mi, kò sì dáa. Ẹ má wò mí bí ẹni tí orí rẹ̀ ti yí. Mo ní ẹ jẹ́ kí n parọ́, kì í ṣe irọ́ kékeré tí èèyàn ń pa fún oníbàárà, irọ́ tó ní apá tó ní ẹsẹ̀, mo gbé ọwọ́ lé ìwé mímọ́ kí n tó pa á, ẹ̀yin sì dúró ní òdìkejì nínú ṣẹ́ẹ̀tì funfun tí èmi fúnra mi lọ̀ fún yín láàárọ̀ ọjọ́ náà, ẹ ń wò mí bí ẹni tó jókòó sílé tó ń wo òjò lójú fèrèsé.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tu ìṣó yẹn sílẹ̀ ná. Mi ò wá bá ìṣó sọ̀rọ̀. Láti ìgbà tí mo ti fẹ́ yín ni mo ti ń bá ìṣó sọ̀rọ̀ nínú ṣọ́ọ̀bù yìí. Mo kí yín káàárọ̀, ìṣó ló kún ẹnu yín. Mo ní oúnjẹ ti délẹ̀, ìṣó. Mo ní mo lóyún, ìṣó náà ni, ẹ rántí? Ẹ gbé òòlù dúró lókè, ẹ rẹ́rìn-ín pẹ̀lú ìṣó lẹ́nu, ẹ̀rù bà mí kí ẹ má lọ gbé ọ̀kan mì. Àwọn oníbàárà á máa wò yín, wọ́n á ní iṣẹ́ ọwọ́ rèé, ẹ wo bí bàbá ṣe ń fi ahọ́n ti ìṣó wẹ́wẹ́ jáde lọ́kọ̀ọ̀kan, tí òòlù á gbà á, tí á ti wọ ara igi àga kí èèyàn tó ṣẹ́jú. Èmi nìkan ni mo mọ̀ pé ibi tí ẹ ń sá pamọ́ sí nìyẹn. Ọkọ ẹlòmíràn a máa sá lọ sílé ọtí. Tèmi ń sá sẹ́yìn ìṣó.

Ẹ ṣeun. Ẹ gbé abọ́ rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Rárá, mi ò jókòó. Ẹ má wulẹ̀ nu àpótí yẹn, mi ò wá ṣe àlejò. Mo ti ti ilẹ̀kùn kí ẹnikẹ́ni má bàa wọlé, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò sẹ́ni tó ń bọ̀, èmi àti ẹ̀yin la sì mọ ìdí tí kò fi sẹ́ni tó ń bọ̀.

Lọ́la ni ìdájọ́. Láàárọ̀. Bí adájọ́ bá ti sọ ọ́ tán, èmi di ẹni ara mi, ẹ̀yin di ọkùnrin tó fi òòlù gbá ìyàwó rẹ̀ lójú, ó di àkọsílẹ̀, wọ́n á dì í mọ́ ẹjọ́ àwọn ẹlòmíràn, wọ́n á gbé e sínú kọ́bọ́ọ̀dù onírin wọn, ibẹ̀ ló sì máa wà lẹ́yìn tí èmi àti ẹ̀yin bá ti kú. Mo wá kí a sọ ọ́ lónìí. Kí ẹ̀yin sọ ọ́ ni mo wí. Tèmi, ẹ mọ̀ pé mo ti sọ̀rọ̀ jù.

Ẹ ò tiẹ̀ mọ bó ṣe bẹ̀rẹ̀, torí ẹ ò bi mí. Wọ́n mú ìwé ìpẹ̀jọ́ wá bá yín níbí, ẹ kà á tán, ẹ ká a, ẹ wálé, ẹ jẹun, ẹ ní iyọ̀ inú rẹ̀ ṣe déédéé. Iyọ̀ o. Obìnrin ń kọ̀ yín sílẹ̀, iyọ̀ lẹ rí sọ. Mo dúró lẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná, mò ń retí kí ẹ ní kí ni mo ṣe fún ọ, kí ẹ lu tábìlì, kí ẹ fọ́ abọ́, ohunkóhun. Ẹ gbé abọ́, ẹ fọ̀ ọ́, ẹ dà á délẹ̀. Abọ́ tiyín àti tèmi.

Ó ti pẹ́ tó ti ń bọ̀, ṣùgbọ́n ọjọ́ tí mo ti ilé ìwòsàn dé ni okùn já. Ẹ mọ ọjọ́ tí mò ń wí. Wọ́n ti rí kókó kan lọ́mú mi. Mo sọ fún yín, ẹ mi orí. Ní gbogbo ìgbà tí mo fi ń retí èsì, mi ò rí oorun sùn, ẹ̀yin náà ò sùn, mo gbọ́ bí ẹ ṣe ń mí, àwa méjèèjì la ojú sílẹ̀ bí ẹja lórí bẹ́ẹ̀dì, ẹnì kankan ò wí nǹkan. Wọ́n wá ní kò sí nǹkan, kókó lásán ni. Mo fò wá síbí, mo sọ fún yín pé ẹsẹ̀ mi ò kan ilẹ̀, mo dúró sí ojú ibi tí mo dúró sí yìí, mo ní bàbá ọmọ mi, wọ́n ní kò sí nǹkan, mi ò ní kú. Ẹ wò mí. Ẹ mi orí. Ẹ kan ìṣó tó kàn.

Nílé ìfọṣọ tí mo ti ń ṣiṣẹ́, ẹ̀rọ ń ké látàárọ̀ dalẹ́, èèyàn gbọ́dọ̀ lọgun kí ẹnìkejì tó gbọ́ pé kó mú ọṣẹ wá. Síbẹ̀, nígbà tí mo sọ fún wọn níbẹ̀ lọ́jọ́ kejì, wọ́n pa ẹ̀rọ. Wọ́n da aṣọ bẹ́ẹ̀dì bò mí lórí bí ìyàwó tuntun, wọ́n ń jó yí mi ká, ọ̀gá wa tó ń sín bí ewúrẹ́ náà jó. Ṣùgbọ́n ọkọ tó fẹ́ mi, orí ló mì. Mo ní ó tán.

Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe lọ bá lọ́yà. Ọmọdébìnrin kan ni, awò rẹ̀ tóbi ju ojú rẹ̀ lọ, ó ń pè mí ní màmá. Ó ní kí ni mo fẹ́, mo ní mo fẹ́ kọ ọkọ mi. Ó ní kí lẹ ṣe fún mi. Mo ní ẹ kì í sọ̀rọ̀. Ó mú bírò dání, ó ń retí kí n máa bá a lọ. Mo ní ó parí, gbogbo rẹ̀ nìyẹn, wọn kì í sọ̀rọ̀. Ó rọra fi bírò lélẹ̀. Ó ní màmá, òfin ò mọ ìyẹn o. Ó ní ilé ẹjọ́ kì í tú ìgbéyàwó ká torí pé ó sú èèyàn, ó gbọ́dọ̀ nídìí, ìdí náà sì gbọ́dọ̀ wà lára àwọn tí òfin là sílẹ̀, kí adájọ́ lè gbà pé ilé náà ti wó débi tí kò ṣe é tún kọ́ mọ́. Ó wá ń bi mí bí dókítà tó ń tẹ ikùn aláìsàn, ṣé ibí ni, ṣé ọ̀hún ni. Ó ní ṣé ẹ ń yan àlè? Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi, mo ní ọmọ mi, kí àlè náà jókòó kó máa gbọ́ kí ni? Ó ní ṣé ẹ ti filé sílẹ̀ lọ? Mo ní wàhálà ibẹ̀ gan-an nìyẹn, ẹ kì í lọ síbì kankan. Ó ní tí a bá ti ń gbé lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ tó sì ti pẹ́ tó, òfin gba ìyẹn. Mo ní orí bẹ́ẹ̀dì kan náà la ń sùn, ẹ̀gbẹ́ fèrèsé lẹ sì fi sílẹ̀ fún mi nítorí ooru. Ó ní ṣé ọtí ni, ṣé ẹ ti ṣẹ̀wọ̀n rí, ṣé ẹ kọ̀ láti bá mi ṣe bíi tọkọtaya. Mo ní èyí tó gbẹ̀yìn yẹn ò kàn ọ́, ṣùgbọ́n rárá.

Mo wá gbọ́ ohùn ara mi. Mo jókòó níwájú ọmọ ọlọ́mọ, mò ń gbèjà yín. Ẹni tó bá fetí sí wa látìta á rò pé mo wá fi ọkọ mi yangàn ni. Ìgbà yẹn ló yẹ kí n dìde, kí n gbé báàgì mi, kí n ní ọmọ mi, o ṣeun, mo ti rìn síbi tí kò yẹ. Mi ò dìde.

Ó ní nígbà náà, ó ku ìwà ìkà. Ó ní ìyẹn nìkan ni òun rí tó lè gbé wa dé iwájú adájọ́, ó ní ṣé ẹ ti gbọ́wọ́ sókè sí mi rí. Kí n tó dáhùn ojú rẹ̀ ti dé ibí yìí, àpá tó wà lókè ojú mi yìí. Ó ní màmá, kí ló ṣe yín níbẹ̀?

Mo dákẹ́.

Ẹ ò rí ayé? Èmi tí mo wá fẹjọ́ adákẹ́ sùn, mo dákẹ́. Mo dákẹ́, mo sì wolẹ̀, mo rí i pé ohùn rẹ̀ ti rọ̀, ó ti yí àga rẹ̀ sún mọ́ mi, ó ní ẹ pẹ̀lẹ́, màmá. Ẹ pẹ̀lẹ́. Mi ò mọ ìgbà tí ẹnìkan ti kí mi ní pẹ̀lẹ́ bẹ́ẹ̀ kẹ́yìn. Ó dùn, mi ò ní purọ́ fún yín. Ó dùn débi pé mi ò fẹ́ kó tán. Kò kọ́ mi ní irọ́ kankan, ẹ má rò ó bẹ́ẹ̀, ọmọ dáadáa ni, ó tún bi mí lẹ́yìn náà pé ṣé ó dá mi lójú, ó ní ìbúra ni màá ṣe o. Mo ní ó dá mi lójú.

Ẹ̀yin àti èmi la mọ ohun tó ṣe mí níbẹ̀. Àga gígùn oníṣègùn eyín ni, èyí tó máa ń ké bí ológbò tí èèyàn bá jókòó lé e. Ẹ ní kí n bá yín tẹ sípíríngì mọ́lẹ̀ kí ẹ so ó. Mo tẹ̀ ẹ́. Ṣùgbọ́n mò ń sọ̀rọ̀, ṣé ẹ mọ̀ mí, mò ń sọ ti ọ̀gá wa fún yín, mo fẹ́ fi hàn yín bó ṣe ń rìn nígbà tó bá fẹ́ wá wo ẹni tó ń sùn lẹ́nu iṣẹ́, mo yọ ọwọ́ kan láti fi ṣàpèjúwe, sípíríngì bọ́, ó gbá mi lójú. Ẹ̀jẹ̀ bo gbogbo ibẹ̀. Ẹ tu gbogbo ohun tó wà lẹ́nu yín dànù, ẹ ké. Orúkọ mi lẹ ké, orúkọ tí ìyá mi sọ mí, tí ẹ ò pè mọ́ láti ọjọ́ tí a ti bímọ. Àwọn ará òpópónà sáré jáde, wọ́n rò pé iná ló ń jó. Ẹ gbé mi pọ̀n, èmi obìnrin tó fẹ̀ báyìí, ẹ sáré kọjá ilé búrẹ́dì, kọjá ọ̀dọ̀ àwọn afọmọ́tò, bàtà wà lẹ́sẹ̀ kan, kò sí ní ìkejì, ẹ sì ń sọ fún mi lójú ọ̀nà pé kí n má sùn o, kí n má dijú, kí n máa sọ̀rọ̀. Ẹ̀yin. Ẹ ní kí n máa sọ̀rọ̀. Ẹ ní ọ̀gá yín ńkọ́, báwo ló ṣe ń rìn, sọ fún mi bó ṣe ń rìn.

Ọjọ́ yẹn ni mo mú lọ sí kóòtù. Nínú gbogbo ọjọ́ tí mo ní lọ́wọ́, òun ni mo mú, mo sọ ọ́ di ọjọ́ tí ẹ bínú tí ẹ fi òòlù gbá mi lójú.

Ẹ jẹ́ kí n mí. Mi ò mu omi, ẹ gbé e sílẹ̀.

Ẹ rántí yàrá náà. Fáànù òkè ń yí lọ́lẹ lọ́lẹ, adájọ́ ní ọ̀fìnkìn, ó ń nu imú, ó ń tọrọ àforíjì lọ́wọ́ gbogbo wa. Wọ́n ní kí n sọ tèmi, mo sọ ọ́. Mo sọ ọ́ dáadáa. Mo tiẹ̀ fi ọwọ́ ṣàpèjúwe òòlù náà, bó ṣe lọ sókè bó ṣe wálẹ̀, obìnrin kan tó jókòó lẹ́yìn ń ṣe ṣíọ̀, ṣíọ̀. Adájọ́ wá kọjú sí yín, ó ní bàbá, ẹ ti gbọ́ ohun tí ìyàwó yín sọ, ṣé bẹ́ẹ̀ ni?

Ẹ gbọ́ mi o. Mo fi Ọlọ́run tó dá mi búra, èyí kì í ṣe ti kóòtù: mo rò pé ẹ máa bínú ni. Mo dúró nínú igi tí wọ́n fi yí mi ká yẹn, mo ní lọ́kàn mi pé ó tó, ó máa sọ̀rọ̀ báyìí. Kò sí ọkùnrin tí wọ́n máa fi irú èyí kàn tí kò ní fọhùn. Ẹ máa pè mí lópùrọ́, ẹ máa nàka sí mi, ẹjọ́ á tú mọ́ mi lórí, ojú á tì mí, a ó jọ jáde, a ó máa jà bọ̀ wálé lójú títì níṣojú gbogbo èèyàn, a ó jà dọ́jọ́ kejì. Ìyẹn ni mo fẹ́. Ẹ̀yìn tí mo sọ ọ́ tán ni mo mọ̀ pé ìyẹn gan-an ni mo ti ń fẹ́. Kò sí ọ̀nà mìíràn tí mo lè gbà fa ọ̀rọ̀ jáde lẹ́nu yín mọ́, mo wá fi irọ́ fà á.

Ẹ wo adájọ́. Ẹ wò mí. Ẹ ní:

“Ohun tí ìyá ọmọ mi bá sọ náà ni.”

Adájọ́ ní kí ẹ tún un sọ, torí imú tó dí. Ẹ tún un sọ. Akọ̀wé kọ ọ́. Lọ́yà mi tẹ̀ mí lọ́wọ́ bí ẹni pé mo ti yege. Ẹ sì bọ́ sílẹ̀, ẹ tún kọ́là ṣẹ́ẹ̀tì yín ṣe, ẹ jókòó.

Kí lẹ fi ń mi orí? Mo parọ́? Mo ti sọ pé mo parọ́, òun la ń sọ látàárọ̀.

Wọ́n máa ń ní bí irọ́ bá lọ lógún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ á lé e bá. Òtítọ́ tèmi ò lé nǹkan kan, ó jókòó sí ṣọ́ọ̀bù, ó ń rán tìmùtìmù. Irọ́ náà ló ń rìn. Ẹ fẹ́ kí n sọ ibi tó rìn dé fún yín? Ó ti dé ara ọmọ yín. Ọmọ yín ló wá kó mi lọ́jọ́ náà gan-an, ẹ rí i, kò kí yín. Láti ìgbà tí mo ti wà nílé rẹ̀, ó ń tọ́jú mi bí ẹyin. Ó ń fi ìka pa àpá yìí bí ẹni ń pa orí ọmọ tuntun, ó ní màámi, ẹ dárí jì mí, inú ilé kan náà ni mo dàgbà sí, báwo ni mi ò ṣe rí i? Ó ti ń ronú sẹ́yìn báyìí, ó ń wá a. Lọ́jọ́ ìsinmi ó dìde lórí oúnjẹ, ó ní òun ti rántí, pé nígbà tí òun kéré òun gbọ́ òòlù tí ẹ ń lù kíkankíkan, òun sì bá mi nílé ìdáná tí omi ń dà lójú mi. Bàbá ọmọ mi, àlùbọ́sà ni mò ń gé. Àlùbọ́sà! Mo la ẹnu kí n sọ bẹ́ẹ̀, ó ti bú sẹ́kún, ọkọ rẹ̀ ti dìde wá dì í mú. Ọmọ yín ń mú irọ́ mi, ó ń fi rán ìgbà èwe rẹ̀ tún. Tó bá fi máa parí rẹ̀, ẹ ò ní sí níbẹ̀ mọ́, ẹlòmíràn ló máa jókòó síbi tí ẹ jókòó sí, ẹni tí òun àti èmi ò bá pàdé rí.

Ó ti dé ibí náà. Mo wo igun yẹn bí mo ṣe wọlé, àwọn àga yàrá olùkọ́ dà? Wọ́n ti kó wọn. Mo mọ̀, ẹ má wulẹ̀ sọ, èmi ni mo pàdé ọkọ̀ tó kó wọn, fóòmù ń já bọ́ lára wọn lójú títì. Ọ̀gá ilé ìwé ní òun ò lè gbé iṣẹ́ fún ẹni tó ń fi irinṣẹ́ na obìnrin. Ó sì tọ̀nà. Tí mo bá wà nípò rẹ̀ bẹ́ẹ̀ náà ni ǹ bá ṣe, ǹ bá tiẹ̀ bú yín kún un. Ohun tó ń pa mí nìyẹn. Gbogbo àwọn tó ń ṣe yín níkà yìí, èèyàn rere ni wọ́n. Bàbá Jẹ́jẹ́ ni wọ́n ń pè yín ní òpópónà yìí láti ọjọ́ tí mo ti mọ̀ yín. Lónìí tí mò ń bọ̀, àwọn afọmọ́tò ní ìyá, ẹ ṣọ́ra o, ṣé ẹ ò tún ń padà sọ́dọ̀ Bàbá Olóòlù? Wọ́n ní tí mo bá gbọ́ nǹkan kan kí n lọgun, àwọn ò jìnnà. Wọ́n ń ṣọ́ ilẹ̀kùn yẹn báyìí nítorí mi. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn. Kí ni kí n ṣe? Mo dúpẹ́.

Ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́, wọ́n máa ń wí bẹ́ẹ̀. Kí ló dé tí tiyín ò dákẹ́? Kí ló dé tó wá ń pariwo sí èmi létí?

Ó tún wá ku èyí. Ǹ bá má mọ̀ ọ́n, ì bá sàn. Lánàá mo yà lọ́dọ̀ ìyá onítíì, èyí tó wà lẹ́nu géètì ilé ìwòsàn, mo ní kó po tíì fún mi. Ó ti gbọ́, ta ni ò tíì gbọ́? Ó ń kí mi ní pẹ̀lẹ́, ó ń da súgà, ó wá ní ayé mà le o, ìyá, ẹ má bínú, ṣé kì í ṣe ọkọ yín yìí náà ló dúró sábẹ́ igi òdìkejì títì lọ́jọ́ tí ẹ wá gba èsì? Mo ní ọkọ ta? Ó ní ọkùnrin kan báyìí, fóòmù wà lára sòkòtò rẹ̀, ó ti dúró síbẹ̀ kí n tó dé, òun ní kó wá mu tíì, ó ní rárá. Ó ní nígbà tí mo jáde tí mò ń rẹ́rìn-ín, tí mò ń bá ẹ̀ṣọ́ ẹnu géètì ṣàwàdà, ọkùnrin náà fi ọwọ́ méjèèjì bo ojú, ó jókòó lórí ilẹ̀, ó tún dìde, ó sì sáré lọ bí ẹni tí wọ́n ń lé.

Ẹ sáré padà síbí. Kí n tó dé. Ẹ ti mọ̀. Nígbà tí mo dúró níwájú yín tí mo ní mi ò ní kú, ẹ ti mọ̀, òógùn ṣì wà lára yín, mo rò pé ti iṣẹ́ ni.

Ẹ má wo ilẹ̀. Ẹ wò mí. Kí ló dé tí ẹ ò sọ fún mi? Kí ni ó máa ná yín? Ẹ kàn lè ní mo wà níbẹ̀. Ọ̀rọ̀ yẹn ì bá tó mi í lò títí n ó fi kú, mi ò ní dé ọ̀dọ̀ lọ́yà kankan. Ẹ̀yin ọkùnrin tó ń dúró sábẹ́ igi, ta lẹ fẹ́ kó máa bá yín sọ ọ́ fún wa, ṣé igi ni? Ẹ fẹ́ kí obìnrin lọ mu tíì lójú títì kó tó mọ̀ pé ọkọ òun fẹ́ràn òun? Mi ò gbà. Mo jẹ̀bi, mo ti gbà pé mo jẹ̀bi, mo jẹ̀bi dọ́rùn, ṣùgbọ́n ìyẹn ò sọ yín di aláre. Èmi kì í ṣe àga, tí ẹ máa fọwọ́ pa tí á yé mi.

Mo ti wá ẹni tí mo lè gbé ẹ̀bi yìí lé lórí, mi ò rí. Mo fẹ́ dá òfin lẹ́bi pé kò sí àyè fún irú tèmi nínú rẹ̀, ṣùgbọ́n òfin bi mí ní ìbéèrè, èmi ni mo dá a lóhùn. Mo fẹ́ dá lọ́yà lẹ́bi. Mo lọ bá a láàárọ̀ yìí kí n tó wá síbí, mo ti ilẹ̀kùn bí mo ṣe tì í yìí, mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un, sípíríngì, igi, gbogbo rẹ̀. Ó bọ́ awò, ó ń nù ún, kò lè wò mí. Ó ní màmá, ẹ ti búra. Ó ní tí mo bá yí ọ̀rọ̀ padà níwájú adájọ́, ẹjọ́ náà ti kú nìyẹn, àti pé wọ́n lè mú mi fún irọ́ lábẹ́ ìbúra, wọ́n lè tì mí mọ́lé. Ó sì ní òun náà ò lè dúró fún mi lórí irọ́ mọ́ níwọ̀n ìgbà tí òun ti mọ̀, ó ní kí n lọ rò ó. Ohùn tó fi ń sọ pẹ̀lẹ́ fún mi tẹ́lẹ̀, kò sí mọ́.

Mo ti rò ó. Mò ń lọ lọ́la. Màá dúró níbi tí mo dúró sí lọ́jọ́sí, màá ní olúwa mi, irọ́ ni, sípíríngì ni, ọkọ mi ò nà mí rí, ẹ ṣe mí bó ṣe wù yín. Ọmọ wa á wà níbẹ̀, ó ní òun ń bọ̀ wá dì mí lọ́wọ́ mú. Ojú ọmọ yẹn ni mò ń bẹ̀rù, kì í ṣe ẹ̀wọ̀n. Ẹ má sì ṣì mí gbọ́ o, mi ò sọ pé mò ń padà wálé. Bóyá mo ṣì fẹ́ lọ. Bóyá mi ò fẹ́. Mi ò mọ̀, ìyẹn sì ni mo ṣe wá.

Torí pé adájọ́ yẹn kì í ṣe òmùgọ̀, ọ̀fìnkìn ló kàn ń bá a jà. Ó máa wò mí, ó máa wò yín, ó máa bi mí pé tó bá jẹ́ irọ́ ni, kí ló dé tí ọkùnrin yìí fi gbà á sórí? Ìbéèrè náà nìyẹn. Mo ti gbé e dùbúlẹ̀, mo ti gbé e dìde, mi ò rí ìdáhùn rẹ̀. Bóyá ẹ rí i pé mo fẹ́ lọ, ẹ sì ní kí n má fi òfìfo lọ, ẹ fi orúkọ yín ṣe ẹrù fún mi. Bóyá ẹ̀san lẹ sì gbà, ẹ mọ̀ pé kò sí ohun tó máa jẹ mí tó èyí, ẹ ní kí n máa rù ú kiri. Bóyá ó kàn rẹ̀ yín. Ìfẹ́ ni, àbí ìyà lẹ fi jẹ mí? Mo ti bá yín gbé fún ìdajì ayé mi, mi ò lè sọ èwo ni. Ojú ò ti ẹ̀yin náà bí?

Kí ni kí n sọ fún adájọ́, bàbá ọmọ mi? Ẹ̀yin ni mo bi. Mi ò ní kúrò níbí, mi ò ní ṣí ilẹ̀kùn, kódà kí àwọn afọmọ́tò já a. Kí ló dé tí ẹ fi sọ pé bẹ́ẹ̀ ni? Ẹ dá mi lóhùn.